Báàgì 27 kílò àti 19 kílò: ṣé màá sanwó àpọ̀jù ẹrù, báwo ni mo sì ṣe lè mọ iye rẹ̀ láti ilé?

Arìnnà Tuntun

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin àgbà ìrìn àjò. Ẹ bá mi dá sí ọ̀rọ̀ yìí kó tó di ìjà nínú ilé wa.

Amẹ́ríkà ni mò ń lọ. Màá sọ̀ kalẹ̀ lójú ọ̀nà, bàálù ilé-iṣẹ́ mìíràn ló sì máa gbé mi débẹ̀. Ohun tí wọ́n kọ sára tíkẹ́ẹ̀tì mi ni 2PC, 23 kílò. Mo di ẹrù sí báàgì méjì: ọ̀kan wọn 27 kílò, èkejì wọn 19. Ẹ̀gbọ́n mi ní kí n fọkàn balẹ̀, pé 23 lọ́nà méjì jẹ́ 46, tèmi náà sì jẹ́ 46. Ìyàwó wọn ní kò rí bẹ́ẹ̀, pé wọ́n máa gbowó lọ́wọ́ mi. Ta ni kí n gbọ́ tiẹ̀? Tó bá sì jẹ́ pé wọ́n máa gbowó lóòótọ́, báwo lèèyàn ṣe ń mọ iye rẹ̀ kó tó jáde nílé? Mi ò fẹ́ kó jẹ́ pé iwájú káńtà ni màá ti gbọ́ ọ.

Ẹyẹ Òkè

Ẹ̀gbọ́n yín ló jàre. Èmi àti ìyàwó mi máa ń gbé ẹrù wa lé òṣùwọ̀n pọ̀ ni. Tí tèmi bá wúwo, tiẹ̀ á fúyẹ́, wọ́n á ní ká máa lọ. Kò sẹ́ni tó ní ká mówó wá rí.

Ọ̀gá Káńtà

Lórí tíkẹ́ẹ̀tì yìí, ìyàwó ẹ̀gbọ́n ló jàre. Ẹyẹ Òkè náà ò parọ́, ọ̀nà tiwọn ló yàtọ̀. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń jókòó sẹ́yìn káńtà, ọ̀rọ̀ tó ń dá àríyànjiyàn sílẹ̀ jù níbẹ̀ sì nìyí, torí náà ẹ jẹ́ kí n fara balẹ̀ sọ ọ́.

Ìlànà méjì ni àwọn ilé-iṣẹ́ bàálù ń lò. Àkọ́kọ́ ni ti ìwọ̀n. Tíkẹ́ẹ̀tì irú èyí máa ń gbé lẹ́tà K dání: 20K, 30K, 40K. Tó bá jẹ́ 30K, kílò 30 lápapọ̀ ni wọ́n fún yín. Ẹ dì í sí báàgì kan o, ẹ dì í sí mẹ́ta o, ìyẹn ò sábà kàn wọ́n, kí ẹyọ kan má ṣáà ti ju 32 kílò lọ. Èkejì ni ti iye báàgì, òun ló ń gbé PC dání. Níbi tèyí, báàgì kọ̀ọ̀kan ló ń dá ẹjọ́ ara rẹ̀ rò. 2PC ni pé báàgì méjì ni tiyín, tí ìkọ̀ọ̀kan ò sì gbọdọ̀ ju 23 kílò lọ fún ẹni tó wà nínú economy. Àyè kílò 4 tó ṣófo nínú báàgì kejì ò lè gba ti àkọ́kọ́ sílẹ̀. Lójú òṣìṣẹ́ káńtà, kì í ṣe 46 lẹ gbé wá. Báàgì kan wà tó dára, báàgì kan sì wà tó fi kílò 4 kọjá ààlà.

Ìrìn àjò tó bá ń lọ sí Amẹ́ríkà tàbí Kánádà, tàbí tó ń ti ibẹ̀ bọ̀, iye báàgì ni wọ́n sábà máa ń fi ṣe é. Ilé-iṣẹ́ kan náà lè máa lo K lọ sí ìlú kan, kó sì máa lo PC lọ sí òmíràn. Ìdí nìyẹn tí ẹnì kan á fi ní òun gbé e kọjá, tí wọ́n á sì dá ẹlòmíràn dúró lórí ẹrù tó jọra.

Kí ẹ tó bi ẹnikẹ́ni léèrè iye owó, lẹ́tà yẹn ni kí ẹ kọ́kọ́ wò. Tó bá jẹ́ 0PC tàbí NIL ló wà níbẹ̀, owó tí ẹ san ò ní ẹrù abẹ́ bàálù kankan nínú. Àwọn tíkẹ́ẹ̀tì pọ́ọ́kú tí gbogbo ayé ń sá tẹ̀ lé, ọ̀pọ̀ wọn bẹ́ẹ̀ ló rí.

Ẹyẹ Òkè

Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ wo tiwa báyìí ni: 30K. Ọ̀rọ̀ ti yé mi.

Ọ̀gá Káńtà

Ẹ ṣeun. Nítorí àwọn tọkọtaya tó ń ka èyí: àdàpọ̀ ẹrù tí ẹ̀yin méjèèjì ń ṣe yẹn, àwọn tí tíkẹ́ẹ̀tì wọn wà lábẹ́ nọ́ńbà kan náà, tí wọ́n sì jọ dé káńtà, ni wọ́n sábà máa ń ṣe é fún. Ẹ má lọ máa wá ẹni tí ẹ ò mọ̀ rí lórí ìlà pé kó bá yín gbé kílò 5.

Alákọsílẹ̀

Ẹ jẹ́ ká bọ́ sórí owó, torí ohun tí Arìnnà Tuntun ń béèrè gan-an nìyẹn.

Ti K ò le. Ẹ mú kílò tó lé, ẹ fi owó kílò kan sọ ọ́ di púpọ̀. Ká kàn fi dọ́là ṣe àpẹẹrẹ lásán: tí kílò kan bá jẹ́ dọ́là 15, tí ẹrù yín sì fi kílò 6 lé, dọ́là 90 nìyẹn. Láyé àtijọ́, ìdá 1.5 nínú 100 owó tíkẹ́ẹ̀tì economy tí kò lẹ́dìínwó ni wọ́n fi ń bu owó kílò kan. Ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ ti kúrò lórí ìyẹn. Wọ́n pín ayé sí agbègbè, wọ́n sì gbé iye kílò kan kalẹ̀ láti agbègbè kan sí òmíràn. Ẹ wá ibi tí ẹ ti ń gbéra àti ibi tí ẹ ń lọ nínú tábìlì wọn, ibi tí àwọn méjèèjì ti pàdé ni owó yín wà.

Ti PC ló ń fẹ́ ojú lílà. Owó mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ló wà níbẹ̀. Ọ̀kan ni ti báàgì tó lé ní iye. Èkejì ni ti ìwọ̀n tó lé. Ẹ̀kẹta ni ti báàgì tó tóbi jù. Ohun tí àwọn èèyàn ò sì ń rò ni pé àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lè gun orí ara wọn. Ẹni tó gbé báàgì kẹta wá, tó wọn 28 kílò, tó tún gùn ju bó ṣe yẹ lọ, báàgì ẹyọ kan yẹn lè jẹ owó lẹ́ẹ̀mẹta.

Lọ́pọ̀ ibi, owó ìwọ̀n tó lé kì í ṣe ti kílò kọ̀ọ̀kan. Iye kan ni wọ́n gbé kalẹ̀ láti ibi tó ti kọjá 23 títí dé 32. Ẹni tó gbé 24 àti ẹni tó gbé 31, owó kan náà ni wọ́n ń san. Ìyẹn ló fi jẹ́ pé 27 kì í ṣe ibi tó dáa kéèyàn wà: owó ti jáde lápò ẹ, àyè kílò 5 sì tún ṣófo sílẹ̀. Yálà kó sọ̀ kalẹ̀ sí 23, tàbí, tó bá ti pinnu pé òun máa san án, kó kúkú kó ohun tó kù sílé lé e títí á fi kù díẹ̀ kó pé 32.

Arìnnà Tuntun

Ó dáa. Tí mo bá wá fẹ́ sanwó fún 35 kílò ńkọ́?

Ọ̀gá Káńtà

Wọn ò ní gbà á. Kò sí iye tí ẹ máa san. Èèyàn ẹlẹ́ran ara ló ń fọwọ́ gbé báàgì yín láti orí ẹ̀rọ sínú ọkọ̀, láti inú ọkọ̀ sínú bàálù, ẹ̀yìn wọn ni òfin 32 yẹn ń dáàbò bò. Báàgì tó bá kọjá á, wọ́n á ní kí ẹ tú u ká níbẹ̀, tàbí kí ẹ gbé e lọ sí kágò.

Lórí títóbi tí Alákọsílẹ̀ mẹ́nu bà: 158 sẹ̀ǹtímítà ni ààlà tó wọ́pọ̀ jù, ìyẹn 62 íǹṣì. Ẹ ro gígùn, fífẹ̀ àti nínípọn pọ̀. Báàgì tó gùn ní 76, tó fẹ̀ ní 52, tó nípọn ní 30, 158 gẹ́lẹ́ nìyẹn. Ẹ wọn táyà àti ọwọ́ rẹ̀ mọ́ ọn, torí àwa náà ń wọ̀n ọ́n mọ́ ọn. Síìpù tó wà láàárín báàgì, tí ẹ bá ṣí i tí báàgì á fẹ̀ sí i yẹn, òun ló máa ń gbé báàgì tó dára tẹ́lẹ̀ kọjá ààlà.

Ìyá Ìbejì

Àbúrò, òṣùwọ̀n wo lo fi wọn 27 àti 19 yẹn? Mo béèrè torí pé òṣùwọ̀n ilé kì í bá ara wọn mu.

Èyí tó ní ìkọ́, tí wọ́n fi ń gbé báàgì sókè, ló dáa jù, kò sì wọ́n. Bí o ò bá ní in, lo òṣùwọ̀n tí wọ́n fi ń wọn ara. Má gbé báàgì lé e lórí o. Báàgì á bo nọ́ńbà, ẹ̀gbẹ́ kan á sì fara ti ilẹ̀, ohun tó máa sọ fún ọ ò ní jóòótọ́. Ìwọ ni kó o gun orí ẹ̀. Kọ́kọ́ gùn ún lọ́wọ́ òfìfo, kọ iye rẹ̀ sílẹ̀, wá gbé báàgì kó o tún gùn ún. Ohun tó fi lé, òun ni ìwọ̀n ẹrù rẹ. Ṣe é lẹ́ẹ̀mejì. Má sì dì í dé 23. Dúró ní 22, kí òṣùwọ̀n pápákọ̀ òfurufú ráyè sọ tiẹ̀.

Bí kò bá sí òṣùwọ̀n kankan nítòsí, àwọn nǹkan kan wà téèyàn lè fi ojú ìnú wọ̀n. Lítà omi kan, kílò kan. Gbogbo ohun olómi tí ń bẹ nínú ike, sún mọ́ ọn bẹ́ẹ̀. Ìwé A4 tí wọ́n ń lò nínú ẹ̀rọ ìtẹ̀wé, ẹyọ kan jẹ́ gíráàmù 5, torí náà odindi páálí kan tó ní 500 jẹ́ kílò 2.5. Fojú inú wo páálí yẹn, kó o wá wo àwọn ìwé tó o fẹ́ kó: ìdajì rẹ̀ ni, àbí ìlọ́po méjì rẹ̀? Ìwé ń tan èèyàn jẹ. Kì í gba àyè, àmọ́ ó ń jẹ kílò.

Kí n má gbàgbé àwọn ọmọdé. Ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ ń fún ìkókó tí kò ní ìjókòó tirẹ̀ ní kílò 10 tàbí báàgì kan, wọ́n sì ń gba kẹ̀kẹ́ ọmọ àti ìjókòó ọmọ inú ọkọ̀ lọ́fẹ̀ẹ́. Àwọn ilé-iṣẹ́ bàálù olówó pọ́ọ́kú lè má fún ọmọ ní ẹrù kankan ju kẹ̀kẹ́ lọ. Kà á dáadáa kó o tó di ẹrù ọmọ sọ́tọ̀.

Adínrù

Ìyá Ìbejì ti sọ ọ̀rọ̀ ìwé. Èmi á sọ̀rọ̀ báàgì fúnra rẹ̀.

Ẹ wọn báàgì yín lófìfo. Àwọn oníke líle ńlá yẹn lè wọn kílò 4 sí 5 kí ẹ tó fi ìbọ̀sẹ̀ kan ṣoṣo sí i. Báàgì aláṣọ fífúyẹ́ tó tóbi tó bẹ́ẹ̀ lè má ju kílò 2 tàbí 3 lọ. Nínú 23, kílò 2 tó yàtọ̀ yẹn kì í ṣe kékeré, gbogbo ìgbà tí ẹ bá rìn ni ẹ ó sì máa jèrè rẹ̀. Bí ẹ bá fẹ́ náwó lé nǹkan kan lórí nítorí ẹrù, òun ni kí ẹ náwó lé.

Àwọn ọ̀rá tí wọ́n ń fa afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ jáde ńkọ́? Mi ò fẹ́ràn wọn. Wọ́n á sọ aṣọ di pẹlẹbẹ, báàgì á sì dà bí ẹni pé kò tíì kún, èèyàn á tún máa ki nǹkan bọ̀ ọ́. Afẹ́fẹ́ ni wọ́n fà jáde, kílò ṣì wà níbẹ̀ pérépéré. Ẹni tí àyè ń dà láàmú ni wọ́n wúlò fún.

Ohun tó ṣiṣẹ́: bàtà tó wúwo jù, ẹsẹ̀ ni kó wà. Jákẹ́ẹ̀tì tó nípọn jù, ọrùn ni kó wà, kí àpò rẹ̀ sì gba ṣájà àti gíláàsì ojú. Bàtà tó bá wọ inú báàgì, ẹ má jẹ́ kí inú rẹ̀ ṣófo, ẹ ki ìbọ̀sẹ̀ sí i. Ẹ tú ẹ̀bùn kúrò nínú páálí rẹ̀. Ọṣẹ, ìpara, ohun ìfọrun, ohun tí ẹ bá lè rà níbi tí ẹ ń lọ, ẹ fi sílẹ̀. Mo ti rí ẹni tó wọ ṣẹ́ẹ̀tì márùn-ún léra. Ó dé ìjókòó rẹ̀, ó ń làágùn bí ẹni tó ń roko. Owó yẹn ò tó ìyà tó torí ẹ̀ jẹ.

Aláròyé

Ẹ tún sọ fún un pé kó kọ ẹrù àwọn ẹlòmíràn. "Ẹ bá mi fi èyí lé lágbájá lọ́wọ́, kò wúwo." Kì í wúwo lọ́wọ́ ẹni tó ń fúnni. Yàtọ̀ sí kílò, bí ohun tí ẹ ò mọ̀ bá wà nínú rẹ̀, orúkọ yín ló wà lára báàgì. Ohun tí mi ò bá tú wò, mi ò ní gbé e, ìbáà jẹ́ ti ẹbí mi.

Arìnnà Tuntun

Ọlọ́run á máa bá yín gbé e. Mo ti bẹ̀rẹ̀ sí tú u. Ohun kan ṣì ń dà mí láàmú: mo lọ sórí ìkànnì ilé-iṣẹ́ kejì, èyí tó máa gbé mi parí ìrìn àjò, ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀ yàtọ̀ sí ti àkọ́kọ́. Ti ta ni màá tẹ̀ lé?

Ọ̀gá Káńtà

Ṣé tíkẹ́ẹ̀tì kan ni, àbí méjì tí ẹ rà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀?

Arìnnà Tuntun

Ẹyọ kan ni.

Ọ̀gá Káńtà

Ọkàn yín lè balẹ̀ nígbà náà. Lórí tíkẹ́ẹ̀tì kan tó bẹ̀rẹ̀ láti Amẹ́ríkà tàbí tó parí síbẹ̀, òfin ìjọba wọn ni pé ìlànà ẹrù kan ṣoṣo ló gbọ́dọ̀ ṣiṣẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, lílọ àti bíbọ̀. Ilé-iṣẹ́ tí orúkọ rẹ̀ wà lára tíkẹ́ẹ̀tì fún bàálù àkọ́kọ́ ni wọ́n sábà máa ń tẹ̀ lé. Mo ní orúkọ tó wà lára tíkẹ́ẹ̀tì, torí bàálù tí ẹ máa wọ̀ gan-an lè jẹ́ ti ẹlòmíràn. Ní àwọn ibòmíràn láyé, láti 2011 ni IATA, ẹgbẹ́ àwọn ilé-iṣẹ́ bàálù, ti ní ìlànà tiwọn tó ń yan ilé-iṣẹ́ tí apá ìrìn àjò tó ṣe pàtàkì jù wà lọ́wọ́ rẹ̀. Èyí ó wù kó jẹ́, ohun tó bá jáde nínú ìṣirò yẹn ni wọ́n tẹ̀ sára tíkẹ́ẹ̀tì yín. Ẹ tẹ̀ ẹ́ sórí bébà, kí ẹ mú un dání. Bí òṣìṣẹ́ bá ń ṣiyèméjì, ẹ fi ìlà yẹn hàn án.

Tó bá jẹ́ tíkẹ́ẹ̀tì méjì lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ ni, ọ̀rọ̀ yí padà pátápátá. Olúkúlùkù ló máa lo òfin tirẹ̀, ẹ sì lè san owó ẹrù níbi méjì. Ẹni tó rí tíkẹ́ẹ̀tì méjì tí owó wọn kéré ju ti ẹyọ kan lọ, kó ro owó ẹrù mọ́ ọn kó tó yọ̀.

Alákọsílẹ̀

Lórí ìyẹn gan-an: ẹ má fi owó tíkẹ́ẹ̀tì lásán wé ara wọn láé. Iye mẹ́rin ni mo máa ń kọ sórí bébà kí n tó sanwó ohunkóhun.

Àkọ́kọ́, tíkẹ́ẹ̀tì tó kéré jù, pẹ̀lú báàgì tí màá rà kún un lórí ìkànnì. Èkejì, tíkẹ́ẹ̀tì tó fi díẹ̀ wọ́n jù ú lọ ṣùgbọ́n tí báàgì ti wà nínú rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ìgbà, èkejì ló ń dín owó kù, ó sì tún máa ń rọrùn láti yí ọjọ́ rẹ̀ padà. Ẹ̀kẹta, iye tí ẹrù náà máa jẹ́ bí mo bá dúró títí di káńtà. Èyí ló sábà máa ń wọ́n jù, mo kàn ń kọ ọ́ kí n lè rí ohun tí ìlọ́ra máa jẹ mí ni. Ẹ̀kẹrin, kágò tàbí kúríà.

Ìṣirò ti kágò yàtọ̀. Wọn kì í wo ìwọ̀n nìkan, wọ́n ń wo àyè tó gbà pẹ̀lú. Ẹ fi gígùn, fífẹ̀ àti gíga páálí sọ ara wọn di púpọ̀ ní sẹ̀ǹtímítà, kí ẹ pín in sí 6,000 fún kágò bàálù. 5,000 ni ọ̀pọ̀ kúríà ń pín in sí. Páálí tó gùn ní 60, tó fẹ̀ ní 50, tó ga ní 40 jẹ́ 120,000. Lọ́dọ̀ kágò, kílò 20 nìyẹn. Lọ́dọ̀ kúríà, kílò 24. Bí páálí náà bá wọn kílò 9 péré, 20 tàbí 24 yẹn ni wọ́n máa gbowó lé lórí. Èyí tó bá pọ̀ jù nínú ìwọ̀n àti àyè ni wọ́n ń mú. Ìdí nìyẹn tí ìwé àti irin fi yẹ kágò, tí ìrọ̀rí àti aṣọ òtútù ò fi yẹ ẹ́. Ẹ ranti owó kọ́sítọ́ọ̀mù àti owó gbígbà á jáde ní òdìkejì kí ẹ tó ní ẹ rí èrè.

Gbogbo iye ẹrù yìí, ọ̀nà kan ni. Bí ẹ bá máa gbé e padà bọ̀, ẹ sọ ọ́ di méjì.

Ẹyẹ Òkè

Ẹ ò tíì mẹ́nu ba káàdì àwọn tó ń wọ bàálù déédéé. Ẹni tó bá ní Star Alliance Gold, káàdì onípò gíga ti ẹgbẹ́ ilé-iṣẹ́ bàálù kan, kílò 20 ni wọ́n ń fi kún tiẹ̀ níbi tí wọ́n ti ń lo K, báàgì kan níbi tí wọ́n ti ń lo PC. Àwọn ẹgbẹ́ yòókù náà ní irú ẹ̀. Ọ̀pọ̀ èèyàn ní káàdì yìí, wọn kì í ranti kọ nọ́ńbà rẹ̀ sínú tíkẹ́ẹ̀tì. Ẹ tún wo tíkẹ́ẹ̀tì akẹ́kọ̀ọ́. Àwọn ilé-iṣẹ́ kan ń fi ẹrù kún un.

Ìyá Ìbejì

Ẹni tó ń lo kẹ̀kẹ́ aláìsàn tàbí ọ̀pá ìrìn, kó má sanwó kankan lórí wọn. Wọn kì í kà á mọ́ ẹrù. Òfin ilẹ̀ Yúróòpù, nọ́ńbà 1107/2006, tilẹ̀ sọ ọ́ di dandan fún wọn láti gbé tó méjì irú ohun èlò bẹ́ẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́.

Arìnnà Tuntun

Mo ti tún un dì. 22 àti 22 ni báàgì méjèèjì báyìí. Kílò 2 tó kù, mo fẹ́ kó o sínú ẹrù ọwọ́. Ṣé wọ́n máa ń wọn ìyẹn?

Aláròyé

Àwọn kan ń wọ̀n ọ́n, àwọn kan ń wò ó lójú lásán. Má gbójú lé ojú lásán. Kílò 7 ni ọ̀pọ̀ ilé-iṣẹ́ fi mọ fún ẹrù ọwọ́, àwọn mìíràn gbà á dé 8 tàbí 10, àwọn kan ò tilẹ̀ sọ iye, ìwọ̀n àpótí onírin ẹnu géètì nìkan ni wọ́n ń wò. Ọ̀pọ̀ tún ń gba àpò kékeré kan tó máa wọ abẹ́ ìjókòó iwájú. Kọ̀ǹpútà, ìwé, ṣájà, gbogbo ohun kékeré tó wúwo, inú àpò kékeré yẹn ni kó o kó wọn sí.

Ẹ̀tàn kan wà tí wọ́n ń kọ́ ara wọn: kí ọ̀rẹ́ di báàgì kan mú lẹ́yìn nígbà tí o bá wà ní káńtà. Mi ò ní gbà ọ́ nímọ̀ràn ẹ̀. Lọ́dọ̀ àwọn olówó pọ́ọ́kú, ẹnu géètì ni owó ẹrù ti wọ́n jù, ibẹ̀ sì ni wọ́n ti ń dúró de irú báàgì bẹ́ẹ̀. Ó tún ti pẹ́ jù láti fún ẹni tó sìn ọ́ wá ní ohunkóhun kó gbé padà.

Ọ̀gá Káńtà

Ẹ wo ohun olómi pẹ̀lú. Bí ẹ bá ń kó nǹkan láti báàgì ńlá bọ́ sínú ẹrù ọwọ́, ike tó ju mílílítà 100 lọ ò ní kọjá lọ́pọ̀ pápákọ̀ òfurufú. Ẹ má torí àtidín kílò kan kù lọ pàdánù ìpara tuntun.

Power bank ni kó máa wà lọ́wọ́ yín, kò gbọdọ̀ sí nínú báàgì abẹ́ bàálù. Èyí tí kò ju 100 Wh lọ (Wh ni ìwọ̀n agbára iná tó lè gbà) kò ní wàhálà. Láti 100 sí 160, ilé-iṣẹ́ bàálù gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i. Èyí tó ju 160 lọ, kó dúró sílé. Bí mAh nìkan ni wọ́n kọ sí i, ẹ fi 3.7 sọ ọ́ di púpọ̀, kí ẹ pín in sí 1,000. 20,000 mAh jẹ́ 74 Wh. Bí bàálù bá kún, tí wọ́n ní kí ẹ fi ẹrù ọwọ́ yín sílẹ̀ ní géètì, ẹ yọ power bank kúrò nínú rẹ̀ kí ẹ tó fà á fún wọn.

Adínrù

Kó dé pápákọ̀ òfurufú pẹ̀lú báàgì aláṣọ tó ṣeé ká wọ inú àpò. Bí òṣùwọ̀n wọn bá sọ nǹkan mìíràn, ó ní ibi tó máa kó nǹkan sí. Kó sì fi ohun tó ṣeé yọ sókè pátápátá nínú báàgì kọ̀ọ̀kan. Mo máa ń rí àwọn tó ṣí báàgì sílẹ̀ níwájú ìlà, tí aṣọ inú wọn tú síta lójú gbogbo èèyàn, nítorí bàtà kan tí wọ́n ti sin sísàlẹ̀.

Ọ̀gá Káńtà

Òótọ́ ni. Kí ẹ tó gbé báàgì lé òṣùwọ̀n, ẹ wò ó bóyá òdo ló wà lójú rẹ̀. Kí báàgì má fara ti ibikíbi, kí ẹsẹ̀ ẹnikẹ́ni má sì wà lórí ẹ̀. Bí ohun tó sọ bá jìnnà sí tilé, ẹ fi sùúrù bẹ òṣìṣẹ́ pé kó jẹ́ kí ẹ wọ̀n ọ́n ní káńtà kejì. Kò sẹ́ni tó máa bínú sí yín. Gíráàmù díẹ̀ tó lé, òmíràn á fojú fò ó, òmíràn ò ní fojú fò ó. Ojú rere ni, kì í ṣe ẹ̀tọ́ yín.

Bí ẹ bá sanwó, ẹ gba rìsíìtì. Kí ẹ má sì rò pé owó àpọ̀jù ẹrù ti fi kún ohun tí wọ́n máa san bí báàgì bá sọnù. Lábẹ́ àdéhùn Montreal ti 1999, tí àwọn orílẹ̀-èdè ṣe lórí ìrìn àjò bàálù, iye tó ga jù fún èrò kan jẹ́ 1,519 SDR (owó ìṣirò àjọ owó àgbáyé, IMF) láti 28 oṣù Kejìlá 2024, ìbáà jẹ́ báàgì kan tàbí mẹ́rin lẹ gbé. Ohun olówó iyebíye, kó máa bá yín lọ, tàbí kí ẹ sọ iye rẹ̀ ní káńtà, kí ẹ san owó tó bá yẹ lé e.

Arìnnà Tuntun

Ẹ ṣé gan-an. Ẹ̀gbọ́n mi ti ka gbogbo rẹ̀, wọ́n ní àwọn ò sọ nǹkan kan mọ́. Ìbéèrè tó kù: bí mo bá ń padà bọ̀, ó ṣeé ṣe kí n ní báàgì kẹta. Ṣé kí n ti rà á báyìí?

Alákọsílẹ̀

Kọ́kọ́ wò ó bóyá wọ́n máa dá owó rẹ̀ padà bí o ò bá lò ó. Ọ̀pọ̀ wọn kì í dá a padà. Bí kò bá dá ọ lójú, dúró, àmọ́ má dúró dé pápákọ̀ òfurufú. Ọ̀pọ̀ ìkànnì máa ń ti ọ̀nà ríra ẹrù pa ní wákàtí díẹ̀ kí bàálù tó gbéra, ohun tó bá ṣẹ́ kù lẹ́yìn ìyẹn ni iye ti káńtà. Fi sórí fóònù rẹ kó rán ọ létí ní ọjọ́ méjì ṣáájú.

Ọ̀gá Káńtà

Ẹ tún bi wọ́n bóyá àwọn gba báàgì tó lé lórí ọ̀nà yẹn lásìkò tí ẹ máa padà. Nígbà tí èrò bá pọ̀, tàbí tí bàálù bá kéré, àwọn ilé-iṣẹ́ kan kì í gba àfikún ẹrù rárá, páálí pàápàá.